Adájọ́ 21 pé nílé ẹjọ́ tó ga jùlọ lọ́dún 2024, àmọ́ ta ló mọ bí wọ́n ṣe yàn wọ́n?

Lọ́jọ́ 26, oṣù Kẹwàá, ọdún 2023, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní Nàìjíríà dá ẹjọ́ ìbò ààrẹ. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, Adájọ́ Musa Dattijo Muhammad fẹ̀yìn tì. Ọ̀rọ̀ ìdúpẹ́ la sábà máa ń gbọ́ níbi irú ayẹyẹ bẹ́ẹ̀, àmọ́ ẹ̀hónú ni tirẹ̀.

Adájọ́ 10 péré ló ṣẹ́kù lẹ́yìn rẹ̀, nígbà tó yẹ kí wọ́n jẹ́ 21. Láti ìgbà tí Adájọ́ Chima Centus Nweze ti kú nínú oṣù Keje, kò sí ẹnikẹ́ni láti ẹkùn Gúúsù Ìlà Oòrùn níbẹ̀ mọ́. Ó tún ní ọmọ àti ẹbí àwọn adájọ́ ni wọ́n ń fi sípò, àti pé agbára tó wà lọ́wọ́ Adájọ́ Àgbà ti pọ̀ jù.

Wọ́n ti dá a lóhùn lórí ọ̀rọ̀ ẹkùn. Ní oṣù Kejì ọdún 2024, adájọ́ tuntun 11 búra wọlé, méjì nínú wọn sì wá láti Gúúsù Ìlà Oòrùn.

Èyí tó kù ló le. Àjọ FJSC ló ń dábàá orúkọ, ìgbìmọ̀ NJC á mú nínú wọn, Ààrẹ á yàn, ilé aṣòfin àgbà á sì fọwọ́ sí i. Adájọ́ Àgbà ni alága FJSC, òun náà ni alága NJC, ọ̀pọ̀ ọmọ ìgbìmọ̀ NJC ni òfin sì ní kó fọwọ́ ara rẹ̀ yàn. Kí orúkọ tó dé ọ̀dọ̀ àwọn aṣòfin, iṣẹ́ ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parí.

Kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ pé kéèyàn jẹ́ ọmọ adájọ́, ó sì lè mọ òfin ju ẹlòmíì lọ. Àmọ́ báwo ni ẹni tí wọ́n fò dá ṣe fẹ́ mọ̀ pé wọn ò rẹ́ òun jẹ?

Ní Kẹ́ńyà lọ́dún 2021, iwájú kámẹ́rà ni àwọn tó ń du ipò Adájọ́ Àgbà ti dáhùn ìbéèrè kí wọ́n tó mú Martha Koome. Ìyẹn ò ní kí òṣèlú má dá sí i o: ọdún yẹn náà ni Ààrẹ Uhuru Kenyatta kọ̀ láti yan adájọ́ 6 tí ìgbìmọ̀ fà kalẹ̀. Àmọ́ ojú ayé ló ti kọ̀ wọ́n, William Ruto sì yàn wọ́n lọ́dún 2022.

Ní ọdún 2025, NJC ní àwọn yóò máa gbé orúkọ àwọn tí wọ́n fẹ́ yàn síta kí aráàlú lè sọ ohun tí wọ́n mọ̀ nípa wọn. Ìgbésẹ̀ gidi nìyẹn. Síbẹ̀, bí ẹnìkan bá kọ̀wé pé mọ̀lẹ́bí adájọ́ ni wọ́n fẹ́ fi sípò, ìgbìmọ̀ kan náà ni yóò gbé ìwé náà yẹ̀wò, lábẹ́ alága kan náà.