Ẹni Tí Ó Wà Lábẹ́ Ẹ̀kú: Ọ̀rọ̀ lórí Yakima Canutt

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ẹni tí a ṣe lóore tí kò dúpẹ́, bí ọlọ́ṣà kó ni lẹ́rù lọ ni. Òwe yìí ni mo fẹ́ fi wo ìgbésí ayé Yakima Canutt, òṣèré ará Amẹ́ríkà tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ti rí iṣẹ́ rẹ̀ láìmọ orúkọ rẹ̀.

Ọdún 1895 ni wọ́n bí i ní ìpínlẹ̀ Washington. Ìdíje gígun ẹṣin tí kò tíì gba ìjánu ni ó kọ́kọ́ sọ ọ́ di olókìkí kí ó tó wọ inú sinimá aláìlóhùn. Nígbà tí sinimá bẹ̀rẹ̀ sí í fọhùn, ohùn tirẹ̀ kò wọ etí tó fún olú ẹ̀dá ìtàn. Ni ó bá di ọ̀daràn inú eré, ó sì ń fi ara rẹ̀ rọ́pò àwọn gbajúmọ̀ níbi tí ewu bá wà.

Nínú Stagecoach ti ọdún 1939, ó fò sórí ẹṣin tí ń sáré, ó ṣubú sáàrin wọn, kẹ̀kẹ́ ẹṣin sì kọjá lórí rẹ̀ láìtẹ̀ ẹ́. Ní ọdún kan náà, nínú Gone with the Wind, òun ni ó wa kẹ̀kẹ́ ẹṣin la iná já ní ipò Clark Gable. Òun náà ni ó ṣètò eré ìje kẹ̀kẹ́ ẹṣin inú Ben-Hur ti ọdún 1959. Àmì ẹ̀yẹ Oscar 11 ni eré náà gbà, ṣùgbọ́n kò sí ìsọ̀rí kankan fún irú iṣẹ́ tirẹ̀.

Àwọn kan lè sọ pé ọ̀rọ̀ ẹnu ni eré, pé ìṣubú kì í ṣe iṣẹ́ ọnà. N kò gbà bẹ́ẹ̀. Láàrin àwọn eégún aláré wa, òkìtì títa kò kéré sí ewì kíké. Ẹlòmíràn yóò ní a kì í sáà dárúkọ ẹni tí ó wà lábẹ́ ẹ̀kú. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ọ̀wọ̀ awo ni a fi bo ti eégún. Nítorí kí ògo gbajúmọ̀ má baà dín ni wọ́n ṣe bo ti Canutt. Ẹni tí a kò dárúkọ, ta ni yóò bèèrè egungun rẹ̀ tí ó ṣẹ́?

Canutt fúnra rẹ̀ bèèrè. Ó ṣe àwọn ohun èlò tí ń dáàbò bo àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀, ìdí nìyí pẹ̀lú tí wọ́n fi fún un ní Oscar ìdálọ́lá ní ọdún 1967. Ó kú ní ọdún 1986. Ọdún 2025 ni àjọ Oscar tó kéde ìsọ̀rí fún iṣẹ́ yìí, fún àwọn fíìmù tí yóò jáde láti ọdún 2027. Eégún ńlá ní ń kẹ́yìn ìgbàlẹ̀ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ó pẹ́ jù.

Ẹ̀yin olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, bí ilé-ẹ̀kọ́ yín bá ṣe eré onítàn, ẹ má ṣe dárúkọ òǹkọ̀wé àti olú ẹ̀dá ìtàn nìkan. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ bèèrè orúkọ ẹni tí ó ṣubú, ẹni tí ó gbé e, àti ẹni tí ó rán aṣọ. Orúkọ wọn ni ọpẹ́ wọn.