Ta Ni Ó Ni Èlé Owó Òṣìṣẹ́-fẹ̀yìntì?

Ọ̀rọ̀ kan ń jà rànyìn láàárín àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba tí wọ́n ti fẹ̀yìn tì, ó sì yẹ kí ẹ̀yin olóyè àti ọ̀mọ̀wé ìlú fi etí sí i. Ọ̀rọ̀ náà kò ju èyí lọ: bí owó tí a jẹ òṣìṣẹ́ bá pẹ́ kí ó tó tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́, ta ni ó ni èrè tí ì bá ti wà lórí rẹ̀ ní gbogbo ìgbà náà?

Ẹ jẹ́ kí a mú un láti ìpilẹ̀ṣẹ̀. Ṣáájú ọdún 2004, òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ Nàìjíríà kì í dá owó fún ìfẹ̀yìntì ara rẹ̀. Àpò ìjọba ni a ti ń san án. Òfin ọdún 2004 yí èyí padà. Òṣìṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí dá díẹ̀ nínú owó oṣù rẹ̀, ìjọba sì ń fi tirẹ̀ kún un. Gẹ́gẹ́ bí òfin ọdún 2014 ti wí, náírà 8 nínú 100 ni ti òṣìṣẹ́, 10 sì ni ti agbanisíṣẹ́. A ó sì fi owó náà ṣòwò kí ó lè máa bí sí i. Ní ti àwọn tí wọ́n ti wà lẹ́nu iṣẹ́ ṣáájú 2004, ìjọba gbà pé òun jẹ wọ́n ní owó ọdún tí wọ́n ti sìn, ó sì ṣèlérí láti máa kó owó sínú àpò kan ní báńkì àgbà ilẹ̀ wa, kí a lè máa ti ibẹ̀ san gbèsè náà.

Ìlérí rọrùn, ìmúṣẹ ni ó ṣòro. Owó inú àpò náà kò tó, ọ̀pọ̀ sì fẹ̀yìn tì tí wọ́n dúró títí. Ní oṣù kejì ọdún 2025, ìgbìmọ̀ ìjọba àpapọ̀ fọwọ́ sí i pé kí a yá bílíọ̀nù náírà 758 láti fi pa gbèsè owó ìfẹ̀yìntì rẹ́. A yìn wọ́n fún èyí. Ṣùgbọ́n owó tí kò dé inú àpò ẹni kò lè bímọ níbẹ̀. Ìṣirò ìjọba fúnra rẹ̀ fi hàn pé ohun tí a ń rà ní náírà 100 ní òpin ọdún 2023 ti lé ní náírà 134 ní òpin ọdún 2024. Ẹni tí a bá san iye kan náà fún lẹ́yìn ọdún kan, a ti bù nínú owó rẹ̀, bí ẹnikẹ́ni kò tilẹ̀ jí i.

Àwọn kan ń wí pé kí arúgbó gba ojú owó, kí ó dúpẹ́, nítorí ojúkòkòrò ni èlé. Àwa kò gbà bẹ́ẹ̀. Láyé àwọn baba wa, ẹni tí ó yá owó a máa fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe lóko olówó kì í dín gbèsè kù, èlé owó náà ni. A kò wí pé kí àṣà náà padà wá; ó ni àwọn ènìyàn lára, ó sì dára bí ó ti kásẹ̀ nílẹ̀. Ṣùgbọ́n ó fi hàn pé àwọn baba wa mọ̀ pé a kì í di owó ẹlòmíràn mú lófẹ̀ẹ́. Bí tálákà bá roko olówó nítorí gbèsè, iṣẹ́ wo ni ẹni tí ó di owó arúgbó mú ń ṣe fún un?

Òfin ilẹ̀ wa pẹ̀lú mọ èyí. Agbanisíṣẹ́ tí ó yọ owó òṣìṣẹ́ gbọ́dọ̀ fi í ránṣẹ́ láàárín ọjọ́ iṣẹ́ 7 tí ó san owó oṣù. Bí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀, owó ìtanràn rẹ̀ kò gbọdọ̀ dín ní náírà 2 nínú 100 ní oṣù kọ̀ọ̀kan, àpò òṣìṣẹ́ náà ni ó sì jẹ ní ìtanràn yìí. Ohun tí a ń bèèrè kò ju pé kí ìjọba fi òṣùwọ̀n tí ó fi ń wọn ẹlòmíràn wọn ara rẹ̀.

Iṣẹ́ wà lọ́wọ́ àwa náà. Kí gbogbo òṣìṣẹ́ pa ìwé ìgbanisíṣẹ́ àti ìwé ìgbéga rẹ̀ mọ́, àti èyí tí ó fi ipele owó oṣù rẹ̀ ní oṣù kẹfà ọdún 2004 hàn, nítorí ẹni tí ìwé rẹ̀ sọnù kò ní ẹlẹ́rìí. Kí ẹ̀yin ọ̀mọ̀wé bá àwọn àgbà ka ìṣirò àpò wọn, kí ẹ sì bá wọn kọ̀wé sí àjọ PenCom níbi tí iye kò bá ti dọ́gba. Ẹ̀yin olóyè, nígbà tí aṣòfin bá wá kí yín láàfin, ẹ bi í léèrè ọ̀rọ̀ èlé yìí.

Wọn a máa wí pé pípẹ́ ni yóò pẹ́, akólòlò yóò pe baba. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n bí ó bá pẹ́ jù, baba lè máà sí nílé láti dáhùn.