Alátakò Tó Mọṣẹ́
A bẹ̀ yín, ẹ̀yin ìjòyè wa, ẹ má lé ẹni tó mọṣẹ́ torí ẹgbẹ́ òṣèlú tó ń ṣe. Ẹ wo Amẹ́ríkà. Ní oṣù kẹfà ọdún 1940, Jámánì gba Paris lọ́wọ́ Faransé tó ń ṣàkóso wa nígbà yẹn. Ọjọ́ mẹ́fà lẹ́yìn náà, Ààrẹ Roosevelt yan Henry Stimson sípò mínísítà ogun, ó fi Frank Knox sí ti ọkọ̀ ogun ojú omi. Alátakò ni àwọn méjèèjì o! Knox yìí ló du ipò igbákejì ààrẹ ní 1936, tí ẹgbẹ́ rẹ̀ fẹ́ gbàjọba lọ́wọ́ Roosevelt. Àwọn kan ní ọgbọ́n ìbò lásán ni. Ó lè rí bẹ́ẹ̀, àmọ́ Stimson, ẹni ọdún 72, kò kúrò nídìí iṣẹ́ náà títí ogun fi parí.