Òsì Kì Í Ṣe Òṣì

Ìbéèrè tí ẹ ń kọ ránṣẹ́ sí ojú ewé yìí pọ̀. Méjì ni mo mú lónìí, àwọn méjèèjì sì dá lórí ọwọ́ àwọn ọmọ wa.

ÌBÉÈRÈ KÌÍNÍ: Pásítọ̀, ẹ kú iṣẹ́ Olúwa, sà. Ọmọkùnrin mi ti pé ọdún mẹ́fà, ọwọ́ òsì ni ó fi ń ṣe ohun gbogbo. Olùkọ́ rẹ̀ ń nà án lọ́wọ́. Ìyá ọkọ mi ní kí n máa fi aṣọ di ọwọ́ náà, mo sì ti ń dì í fún oṣù méjì. Ní báyìí, ọmọ náà kò fẹ́ lọ sí ilé ẹ̀kọ́ mọ́. Àwọn kan ní kí a gbé e lọ fún ìdáǹdè. Kí ni kí n ṣe?

ÌDÁHÙN: Arábìnrin mi ọ̀wọ́n, ẹ tú aṣọ náà lónìí. Ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí rẹ̀ fún yín.

Alòsì ni wọ́n bí èmi gan-an. Nígbà tí wọ́n mú mi lọ sí ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, púpọ̀ nínú wa kò ní ìwé ọjọ́ ìbí. Ohun tí wọ́n ń ṣe nígbà náà ni pé kí ọmọ na ọwọ́ kọjá lókè orí rẹ̀, kí ó fi kan etí òdìkejì. Bí ọwọ́ bá kan etí, ọmọ ti tó ilé ẹ̀kọ́ lọ nìyẹn. Ọwọ́ òsì ni mo nà. Ó kan etí dáadáa, ṣùgbọ́n olùkọ́ gbá ọwọ́ náà wálẹ̀, ó ní kí n mú ọwọ́ gidi wá. Láti ọjọ́ náà ni pàṣán ti ń kọ́ mi ní fífi ọ̀tún kọ̀wé. Títí dòní, ọ̀tún ni mo fi ń kọ ìwàásù mi, àwọn tí ó ń bá mi tẹ̀ ẹ́ sì mọ bí ojú ìwé náà ṣe máa ń rí! Ṣùgbọ́n bí mo bá fẹ́ kan ìṣó, tàbí tí mo fẹ́ ju òkò, òsì ni mo ń lò.

Ẹ ó rò pé ẹni tí ó ti jẹ irú ìyà yẹn kò ní fi jẹ ọmọ tirẹ̀. Mo fi jẹ ẹ́. Ọmọbìnrin mi kejì ń fi òsì mú pẹ́ńsùlù, rúlà ni mo sì fi ń gbá a lọ́wọ́. Ní ọjọ́ kan, mo dé láìròtẹ́lẹ̀. Bí ó ti gbúròó mi, ó ju pẹ́ńsùlù sílẹ̀, ó fi ọwọ́ òsì pamọ́ sẹ́yìn bí ẹni tí ó jalè. Ọmọ ọdún márùn-ún! Kò jí nǹkan kan. Ọwọ́ ara rẹ̀ ni ó ń fi pamọ́ fún bàbá rẹ̀. Mo jókòó tì í, mo bẹ̀ ẹ́. Mi ò gbá a lọ́wọ́ mọ́ láti ọjọ́ náà.

Kí ni ó ń sọ ènìyàn di alòsì? Inú ọpọlọ ni ọ̀rọ̀ náà wà. Apá òsì ọpọlọ ni ó ń darí ọwọ́ ọ̀tún, apá ọ̀tún rẹ̀ ni ó sì ń darí ọwọ́ òsì. Nínú ènìyàn mẹ́wàá, ó máa ń tó ẹnì kan tí ó jẹ́ alòsì. Nígbà mìíràn ó máa ń rìn nínú ìdílé, ṣùgbọ́n bàbá àti ìyá tí ń lo ọ̀tún náà ń bí alòsì. Àwọn oníṣègùn tí ó fi ẹ̀rọ wo ọmọ inú oyún ti rí i pé ọmọ ti máa ń fẹ́ràn àtàǹpàkò kan ju èkejì lọ láti mu, kí a tó bí i. Ta ni ó kọ́ ọ níbẹ̀? Kì í ṣe àfojúdi, kì í ṣe ẹ̀mí èṣù, kò sì sí ohun tí a ń dá a nídè kúrò nínú rẹ̀.

Ẹ ṣí ìwé Àwọn Onídàájọ́, orí kẹta. Éhúdù tí Ọlọ́run gbé dìde láti gba Ísírẹ́lì lọ́wọ́ ọba Móábù, alòsì ni. Ní orí ogún, ẹ ó rí 700 ọkùnrin alòsì tí wọ́n ń fi kànnàkànnà ta òkúta láìtàsé. Kò sí ibi tí a ti kà á pé wọ́n kọ́kọ́ di ọwọ́ wọn ní aṣọ. Ní ayé tiwa náà, gbogbo ayé rí Barack Obama tí ó ń fi òsì buwọ́ lùwé nígbà tí ó di ààrẹ Amẹ́ríkà ní 2009.

Mo mọ ohun tí ìyá ọkọ yín ń bẹ̀rù. Àwọn àgbà ní a kì í fi ọwọ́ òsì júwe ilé bàbá ẹni. Ọ̀rọ̀ ọ̀wọ̀ ni ìyẹn. Òsì ni a fi ń ṣe ìmọ́tótó nígbà tí a bá yàgbẹ́, ìdí nìyẹn tí a fi yọ ọ́ kúrò nínú oúnjẹ àti ìkíni. Ẹ kọ́ ọmọ yín ní ìyẹn: kí ó fi ọ̀tún gba nǹkan lọ́wọ́ àgbà, kí ó fi ọ̀tún bọ ènìyàn lọ́wọ́, kí ó fi ọ̀tún jẹun nínú abọ́ àjẹpọ̀. Yóò kọ́ ọ pẹ̀lú sùúrù, bí ó ti kọ́ ìdọ̀bálẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwé kíkọ, àwòrán yíyà, bọ́ọ̀lù jíjù, aṣọ rírán, ẹ fi wọ́n sílẹ̀ fún ọwọ́ tí ó mọ̀ ọ́n ṣe. Òsì kì í ṣe òṣì.

Kí ẹ̀yin àti bàbá rẹ̀ jọ lọ rí olùkọ́ náà, kí ẹ fi pẹ̀lẹ́ bá a sọ̀rọ̀. Kí ọmọ máa jókòó sí ìpẹ̀kun bẹ́ǹṣì ní apá òsì, kí ìgúnpá rẹ̀ má baà máa kọlu ti ẹnì kejì. Kí ó gbé ìwé rẹ̀ sí ìhà òsì díẹ̀, kí ó sì yí orí ìwé náà sí ọ̀tún. Kí ó má di pẹ́ńsùlù mú súnmọ́ ẹnu rẹ̀ jù, kí ó lè rí ohun tí ó ń kọ. Àlùmọ́gàjí tí a sábà ń rà lọ́jà, ọlọ́wọ́ ọ̀tún ni wọ́n ṣe é fún. Bí kò bá gé nǹkan fún un dáadáa, kí ẹnikẹ́ni má pè é ní òpè.

Ohun kan wà tí mo fẹ́ kí ẹ̀yin ìyá ọlọ́mọ ọwọ́ ṣọ́ra fún. Ọmọ tí kò tíì pé ọdún kan, ọwọ́ méjèèjì ni ó yẹ kí ó máa fi mú nǹkan. Bí ó bá jẹ́ ọwọ́ kan ṣoṣo ni ó ń nà, tí èkejì ń di ẹ̀ṣẹ́ tàbí tí ó rọ, ẹ má sọ pé bóyá alòsì ni. Ẹ gbé e lọ sí ilé ìwòsàn, nítorí ó lè jẹ́ pé ọwọ́ kejì ni kò lágbára.

ÌBÉÈRÈ KEJÌ: Pásítọ̀, ìyàwó mi bímọ ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn. Ìka kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìka tí ó kéré jù ní ọwọ́ ọmọ náà. Àbúrò bàbá mi ní kí n fi òwú so ó kí ó já. Ẹlòmíràn ní àmì ègún ni, pé irú ìka bẹ́ẹ̀ ni òmìrán Gátì ní. Ojú ń tì wá láti gbé ọmọ wá sí ìjọ.

ÌDÁHÙN: Arákùnrin mi, ẹ kú oríire, ẹ kú ewu ọmọ. Àwọn bàbá wa ti mọ irú ọmọ yìí tipẹ́. Olúgbódi ni wọ́n ń pè é, orúkọ àmútọ̀runwá ni, kì í ṣe èébú. Ó wọ́pọ̀ láàrin àwa ènìyàn dúdú ju àwọn aláwọ̀ funfun lọ, ó sì máa ń rìn nínú ìdílé. Ẹ bi àwọn àgbà ilé yín léèrè. Ó ṣeé ṣe kí ẹnìkan ní àpá rẹ̀ lọ́wọ́ tí kò sọ fún yín rí.

Òótọ́ ni, ìka 24 ni ọkùnrin Gátì inú Sámúẹ́lì Kejì orí 21 ní, tọwọ́ tẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ kà á dé ìsàlẹ̀. Nígbà tí ó pẹ̀gàn Ísírẹ́lì ni wọ́n pa á. Ẹnu rẹ̀ ni ó pa á, kì í ṣe ìka rẹ̀.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má fi òwú so ó nílé. Bí ó tilẹ̀ rọ̀, iṣan ẹ̀jẹ̀ wà nínú rẹ̀. Ó lè ṣẹ̀jẹ̀, ó lè kẹ̀, ìyókù rẹ̀ sì lè máa dun ọmọ títí. Ẹ jẹ́ kí dókítà wò ó. Èyí tí kò ní egungun kì í pẹ́ yọ lọ́wọ́ wọn. Bí egungun bá wà nínú rẹ̀, wọ́n sábà máa ń dúró kí ọmọ tó nǹkan bí ọdún kan kí wọ́n tó ṣe iṣẹ́ abẹ. Kí wọ́n yẹ gbogbo ara ọmọ wò pẹ̀lú, nítorí nígbà mìíràn, ìka bẹ́ẹ̀ máa ń bá àìsàn mìíràn rìn, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé lára ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọmọ, ìka náà nìkan ni.

Ní ti ìjọ, ẹ gbé e wá ní ọjọ́ Ìsinmi tí ń bọ̀. Ẹ má fi ìbọ̀wọ́ bò ó. Mo ti rí ọmọ tí ń fi ọwọ́ pamọ́ rí, èmi ni mo sì fà á. N kò fẹ́ rí òmíràn.

Arábìnrin alákọ̀ọ́kọ́, nígbà tí ọmọ bá ti padà sí ilé ẹ̀kọ́, kí ó fúnra rẹ̀ kọ lẹ́tà sí mi. Ọwọ́ tí ó bá wù ú ni kí ó fi kọ ọ́.

Ó di ìgbà mìíràn ná. Àlàáfíà fún ilé yín.