Irú Kì Í Ṣe Ẹ̀wà Eéṣú

Ó ti sú wa láti máa rí i nínú àwọn ìwé-ìkẹ́kọ̀ọ́ Yorùbá fún ilé ẹ̀kọ́ girama, àti nínú àkójọ ọ̀rọ̀ tí a ń tẹ̀ fún àwọn àjòjì tí ń kọ́ èdè wa, pé ìtumọ̀ irú ní èdè Gẹ̀ẹ́sì ni locust bean, kí òǹkọ̀wé sì ti ibẹ̀ fò lọ sórí ata àti àlùbọ́sà bí ẹni tí ó ti san gbèsè rẹ̀ tán. Kí ni ń jẹ́ locust? Eéṣú ni. Akẹ́kọ̀ọ́ tí a bá ní kí ó dá ọ̀rọ̀ náà padà sí Yorùbá lè kọ “ẹ̀wà eéṣú”, olùkọ́ yóò sì fi yíǹkì pupa fa igi sí i. Ta ni ó jẹ̀bi nínú àwọn méjèèjì?

Orúkọ igi mìíràn ni àwọn Òyìnbó gbé kọ́ igi tiwa lọ́rùn. Igi carob, tí ń hù ní àgbègbè Òkun Mẹditaréníà, ni wọ́n kọ́kọ́ fi orúkọ yìí mọ̀. Nígbà tí wọ́n wá rí igi ilẹ̀ adúláwọ̀ tí èso rẹ̀ ń rọ̀ wálẹ̀ gbọọrọ gbọọrọ bíi ti carob, wọ́n pín orúkọ náà fún un. A kò bá wọn jà nítorí èyí. Ohun tí ojú ẹni mọ̀ ni a fi ń pe ohun tí ojú kò mọ̀. Ṣùgbọ́n gbogbo wọn kọ́ ni ó ṣe bẹ́ẹ̀. Mungo Park, ará Scotland tí ó kú sínú Odò Ọya ní Bùsà ní ọdún 1806, pe igi náà ní nitta nínú ìwé ìrìn-àjò rẹ̀ tí ó jáde ní 1799, gẹ́gẹ́ bí ó ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn tí ó bá nílẹ̀. Ìgbà tí ó yá ni Robert Brown, onímọ̀ ewéko, fi orúkọ Park gan-an sọ ẹ̀yà igi náà, ni ó fi di Parkia. Àjòjì gbọ́ orúkọ lẹ́nu onílé, ó sì kọ ọ́ sílẹ̀. Àwa onílé ni a wá ń fi orúkọ àyálò kọ́ ọmọ wa.

Haúsá ń pè é ní daddawa, Bambara ní sunbala, Wolof ní netetu, Fọ̀n ní afitin. Èdè Gẹ̀ẹ́sì tí ó gba tofu àti kimchi wọlé láìyí wọn padà kò ní kú bí ó bá gba irú. Àwa ni a kò fi í lọ̀ ọ́.

Àwọn kan yóò ní ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo kò tó ohun tí à ń bínú sí. Bí ó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ kan ni, à bá dákẹ́. Ẹ jẹ́ kí a wo bí wọ́n ti ń ṣe irú nínú ilé. A ó ṣa hóró kúrò nínú ìyẹ̀fun aláwọ̀ ìyeyè tí àwọn ọmọdé ń lá. A ó sè é láti àárọ̀ di alẹ́, nígbà mìíràn mọ́jú, nítorí èèpo rẹ̀ le bí òkúta. A ó dà á sínú odó, a ó rọra gún un, tàbí kí a fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́ pẹ̀lú eérú, kí èèpo lè bọ́ kí ó má sì fọ́. A ó gbé e lọ sí odò, a ó fọ̀ ọ́ nínú ajere títí omi yóò fi mọ́. A ó tún un sè; ẹni tí ó bá fẹ́ irú pẹ̀tẹ̀ yóò fi ohun tí ń mú un rọ̀ sí i, ẹni tí ó ń ṣe irú woro kò ní fi sí i. A ó sẹ́ ẹ gbẹ, a ó dà á sínú igbá tí a fi ewé tẹ́, a ó fi ewé àti àpò bò ó móoru fún bí ọjọ́ méjì sí mẹ́rin. Bí a bá ṣí i, tí ó ń yọ̀ lọ́wọ́, tí ó sì ń fà bí ilá, a ó wọ́n iyọ̀ sí i.

Ẹ ka ọ̀rọ̀-ìṣe tí ó wà nínú ìpínrọ̀ yẹn. Èwo nínú wọn ni ó wà nínú àkójọ ọ̀rọ̀ tí a ń tẹ̀?

Èyí tí ó dùn wá jù ni kíkan. Àwọn onítumọ̀ wa ti fi kíkan dípò ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ó kó gbogbo oúnjẹ tí kòkòrò àìrí ń bá ṣiṣẹ́ pọ̀. Ògì ń kan, ẹmu ń kan; ṣùgbọ́n sọ fún onírú pé irú rẹ̀ kan, yóò rò pé o wá bú ọjà òun ni. Òun ni ó sì tọ̀nà. Omi ògì ń di kíkan gan-an ni. Ti irú yàtọ̀: kòkòrò àìrí tí a ń pè ní Bacillus subtilis ni ó ń tú èròjà inú rẹ̀ ká, ipò tí irú sì bọ́ sí ni òdìkejì kíkan, ibẹ̀ ni òórùn tí ń gún ni nímú ti jáde. S. A. Odunfa ti Yunifásítì Ìbàdàn ti kọ̀wé lórí àwọn kòkòrò yìí láti 1981. Onírú ti fi etí mọ ìyàtọ̀ tí àwa olùkọ́ èdè ń fi ìtumọ̀ pa rẹ́.

Wọ́n á ní máàgí ti dé. Ní 1908 ni Julius Maggi, ará Switzerland, gbé kóró ọbẹ̀ rẹ̀ jáde. Ọdún yẹn kan náà ni Ikeda Kikunae ní Tókíò rí èròjà tí ń mú omi ewé òkun dùn lẹ́nu. A kì í ṣe ọ̀tá máàgí. Ó wà nínú ìkòkò wa náà. Ṣùgbọ́n iyọ̀ ni ó pọ̀ jù nínú rẹ̀, oúnjẹ sì ni irú.

Wọ́n tún ní ó ń rùn. Nattō àwọn ará Jàpáànù, tí kòkòrò kan náà ń ṣiṣẹ́ lára rẹ̀, ń rùn. Wàràkàṣì àwọn Faransé ń rùn. Síbẹ̀ wọ́n ń fi wọ́n yangàn. Èdè tiwa ni ó ń fi “irú wá, ògìrì wá” pe àwọn ènìyàn tí a kò kà sí. Ẹ̀gàn yẹn ti pẹ́, a kò lè dá Òyìnbó nìkan lẹ́bi.

Àríyànjiyàn kan wà tí a kò gbọdọ̀ fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn: pé iṣẹ́ obìnrin ni, pé igi ìdáná àti omi pípọn tí ó ń gbà ń ba ẹ̀yìn jẹ́. Òtítọ́ ni. Ẹni tí ó bá fẹ́ kí gbogbo ìyá padà sídìí iná láti àárọ̀ di alẹ́ nítorí àṣà, kí ó kọ́kọ́ lọ dáná náà fúnra rẹ̀. Ìkòkò afipásè ti wà, ó sì ń gé àkókò sísè kúrú púpọ̀. A kò kọ̀ ọ́. Ohun tí à ń bẹ̀ fún ni pé kí kíláàsì èdè kọ̀ọ̀kan ṣe irú lẹ́ẹ̀kan lọ́dún, ọkùnrin àti obìnrin, kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ máa kọ ọ̀rọ̀-ìṣe sílẹ̀ bí ọwọ́ ṣe ń ṣe é. Bí onírú kan bá wà ní ọjà ìtòsí, kí ilé ẹ̀kọ́ pè é wá, kí ó sì san owó olùkọ́ fún un. Ìwé atúmọ̀-èdè tí a bá sì tẹ̀ lẹ́yìn èyí, kí ó kọ irú, kí ó sọ bí a ti ń ṣe é, kí ó sì fi eéṣú sílẹ̀ lábẹ́ E.