Ẹ Má Ta Ìgbín Tí Kò Dàgbà Fún Ẹni Tó Fẹ́ Sìn Ín

Ọ̀rọ̀ ìgbín ni mo fẹ́ bá yín sọ. Ẹ̀bi tèmi ni mo máa fi bẹ̀rẹ̀.

Ní ọdún díẹ̀ sẹ́yìn, mo ń sin ìgbín lẹ́yìn ilé mi ní Parakou. Èyí tó bá tóbi, mo máa ń tà á fún jíjẹ. Ṣùgbọ́n àwọn kan wà tí wọn kò dàgbà. Wọ́n pé oṣù mẹ́jọ, síbẹ̀ wọn kò ju àtàǹpàkò lọ. Ààyè sì ti há. Mo ṣa 40 nínú wọn sínú agbọ̀n, mo gbé wọn lọ sí ọjà Arzèkè, mo jókòó sí ẹ̀gbẹ́ àwọn tó ń ta wàgàsì.

Ìyá kan dúró níwájú mi. Ó wà lára àwọn tí mo ń kọ́ ní mọ̀ọ́kọ-mọ̀ọ́kà. Ó ní: «Olùkọ́, ṣé ọmọ ni wọ́n ṣì jẹ́?» Mo ní: «Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá. Ẹ ṣáà fún wọn lóúnjẹ, wọ́n á dàgbà.» Ó tú etí ìró rẹ̀, ó fi owó èésú rẹ̀ ra gbogbo wọn. Ó fẹ́ fi wọ́n bẹ̀rẹ̀ ìsìn ìgbín tirẹ̀.

Nígbà tí ọyẹ́ dé, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kú. Kí òjò tó padà rọ̀, méje péré ló kù. Àwọn méje náà kò tóbi ju bí wọ́n ti rí lọ́jọ́ tó rà wọ́n. Kò bú mi. Ó kàn gbé agbọ̀n òfìfo wá sí kíláàsì, ó ní: «Olùkọ́, àwọn ọmọ yín kò dàgbà o.» Gbogbo kíláàsì rẹ́rìn-ín. Èmi kò lè rẹ́rìn-ín.

Ṣé mo mọ̀ pé wọn kò ní í dàgbà? Mo mọ̀ díẹ̀. Ẹni tó ń fún ìgbín lóúnjẹ lójoojúmọ́ mọ èyí tó ń dàgbà, ó sì mọ èyí tó dúró sójú kan. Ìdí nìyẹn tí mo fi sọ pé ẹni tó sin ìgbín ni kó parí ọ̀rọ̀ àwọn tí kò lera. Kò yẹ kó gbé wọn fún ẹlòmíràn. Kò sì yẹ kó dà wọ́n sígbó.

Ẹ jẹ́ ká wo ibi tí wọ́n ti ń wá. Ìgbín kò ní akọ lọ́tọ̀ àti abo lọ́tọ̀. Ìgbín kan ṣoṣo ní ohun akọ àti ohun abo nínú. Bí méjì bá gun ara wọn, àwọn méjèèjì lè yé ẹyin. Ìgbín ńlá inú igbó apá gúúsù, ẹyin díẹ̀ ló máa ń yé, àmọ́ ẹyin rẹ̀ tóbi. Irú kan tún wà tí wọ́n mú wá láti ìlà-oòrùn Áfíríkà. Ìyẹn lè yé 100 tàbí 200 ẹyin, tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Bí a bá rí ẹyin tó pọ̀ tó bẹ́ẹ̀, inú wa á dùn. A ó máa ka owó tí kò tíì wọlé. A kì í ka ààyè, a kì í sì í ka ewé tí wọn yóò jẹ.

Gbogbo ẹyin náà á pa. Àwọn ọmọ á kún inú àpótí kan. Wọn á máa rìn lórí omi yọ̀rọ̀yọ̀rọ̀ ara wọn àti ìgbẹ́ ara wọn. Àwọn tó lágbára á jẹun yó, àwọn tó kù á jẹ àjẹkù. Bí kò bá sí èèpo ẹyin adìẹ lílọ̀ tàbí ìkarahun lílọ̀ nínú oúnjẹ wọn, ìkarahun wọn á fẹ́lẹ́, á sì máa fọ́. Lọ́dọ̀ wa ní Borgou, ẹ̀ẹ̀rùn gùn. Ìgbín á sé ẹnu ìkarahun rẹ̀, á sùn títí òjò á fi dé. Èyí tó sanra á lè fara dà á. Èyí tí kò jẹun yó kò ní ohun tí yóò fi sùn. (Bí ẹ bá ń já ewé fún wọn, ẹ má já a lẹ́gbẹ̀ẹ́ oko òwú tí wọ́n fín oògùn sí. Àwa tí a wà ní Borgou, a kò lè gbàgbé oògùn tó ń jẹ́ endosulfan, tó pa ènìyàn ní àkókò òwú 1999 sí 2000.)

Àṣìṣe kan tún wà tí mo máa ń rí. A ń kó àwọn tó tóbi jù lọ sí ọjà, nítorí wọ́n lówó lórí. Àwọn kékeré tí ẹnì kan kò rà ni a ń fi sílẹ̀ nílé. Àwọn náà ló máa ń yé fún wa. Ta ni nínú yín ni yóò ta àgbàdo tó dára tán, tí yóò wá gbin èyí tí kòkòrò ti jẹ? Pẹ̀lú àgbàdo, gbogbo wa ló gbọ́n. Èyí tó yára dàgbà jù ni kí ẹ fi sílẹ̀ láti yé. Bí ẹ bá sì ti ń sin ọmọ ìyá kan náà láti ọjọ́ pípẹ́, ẹ ra díẹ̀ láti ibòmíràn, kí ẹ fi pọ̀ mọ́ wọn.

Kí ni ká wá ṣe? Lórí ẹyin ni iṣẹ́ ti rọrùn jù. Lọ́jọ́ tí ẹ bá rí ẹyin, ẹ kà á. Ẹ fi iye tí ààyè àti ewé yín lè gbà sílẹ̀. Ẹ se ìyókù nínú omi tó ń hó, tàbí kí ẹ fọ́ wọn. Lọ́jọ́ yẹn, kò tíì sí ọmọ nínú wọn. Ẹ má kàn dà wọ́n sí ààtàn, nítorí wọn yóò pa níbẹ̀. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àwọn kan ń sin ìgbín ilẹ̀ Áfíríkà nínú ilé bí a ti ń sin ológbò. Wọn kì í jẹ ẹ́, wọ́n kàn fẹ́ràn rẹ̀ ni. Àwọn náà ń rí ẹyin tó pọ̀ jù. Àwọn tó mọ iṣẹ́ náà máa ń kó ẹyin sínú firíjì tó ń sọ omi di yìnyín, kó má bàa pa.

Bí ọmọ bá ti jáde, tí ẹ rí àwọn tí kò lera, ẹ kọ́kọ́ yà wọ́n sọ́tọ̀. Ẹ fún wọn ní ààyè, ewé ìbẹ́pẹ tútù, àti èèpo ẹyin lílọ̀. Ẹ fún wọn ní oṣù kan nígbà òjò. Àwọn kan á gbéra. Ẹ lè jẹ àwọn yẹn bí wọ́n bá tóbi, àmọ́ ẹ má jẹ́ kí wọ́n yé. Àwọn tí kò gbéra, ẹ pa wọ́n. Ẹ gbé e lé orí òkúta, ẹ fi ewé bò ó, ẹ fi òkúta wúwo lù ú lẹ́ẹ̀kan, kó kú lójú ẹsẹ̀. Ẹ má da iyọ̀ lé e. Iyọ̀ ń jó o, kì í jẹ́ kó tètè kú. Ẹ má sì sá a sí oòrùn.

Àwọn kan á ní: «Ọlọ́run ló dá a. Kí ló dé tí a ó fi pa á? Ẹ jẹ́ ká dá a padà sígbó.» Mo gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí ju ẹ̀ẹ̀kan lọ, àánú ló sì mú wọn sọ ọ́. Ṣùgbọ́n ìgbín tí kò lera kò ní í yè nínú ẹ̀ẹ̀rùn Parakou. Yóò kú díẹ̀díẹ̀. Bí ó bá sì yè, ó tún lè burú jù bẹ́ẹ̀. Ní 1966, ọmọkùnrin kan mú ìgbín mẹ́ta láti Hawaii lọ sí ìlú Miami ní Amẹ́ríkà. Ìyá rẹ̀ àgbà dà wọ́n sínú ọgbà. Lẹ́yìn ọdún méje, wọ́n rí ìgbín tó ju 18,000 lọ ní àdúgbò náà. Wọ́n ń jẹ ohun ọ̀gbìn àwọn ènìyàn. Ìjọba ná nǹkan bíi mílíọ̀nù kan dọ́là kí wọ́n tó pa wọ́n tán. Ní 2011, irú ìgbín náà tún jáde níbẹ̀. Irú yẹn gan-an ni èyí tó ń yé ẹyin púpọ̀ lọ́dọ̀ wa.

Ọ̀rọ̀ ìlera wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Kòkòrò kan wà tó ń gbé inú ẹ̀dọ̀fóró eku. Ìgbín máa ń kó o láti inú ìgbẹ́ eku. Bí ènìyàn bá jẹ ìgbín tí kò jinná, kòkòrò náà lè dé ọpọlọ rẹ̀, kó sì dá àìsàn ńlá sílẹ̀. Nítorí náà, ẹ má fi ìgbín kékeré ṣe ohun ìṣeré ọmọdé. Bí ẹ bá fọwọ́ kàn án, ẹ fi ọṣẹ wẹ ọwọ́. Èyí tí ẹ bá pa, ẹ sè é jinná kí ẹ tó fún pẹ́pẹ́yẹ tàbí adìẹ. Èyí tó bá kú fúnra rẹ̀, ẹ rì í mọ́lẹ̀ jìnnà sí kànga. Ẹ má jẹ ẹ́.

Ẹ̀yin tó ń rà lọ́jà ńkọ́? Ẹ má gba ọ̀rọ̀ ẹnu olùtà nìkan gbọ́, ẹ rí èmi. Ẹ fi ìka kan etí ẹnu ìkarahun. Nígbà òjò, ìgbín tó ń dàgbà, etí ìkarahun rẹ̀ máa ń fẹ́lẹ́, ó sì máa ń rọ̀. Bí ìgbín bá kéré, tí etí náà sì nípọn tó sì le, kì í ṣe ọmọ. Ó ti dúró síbẹ̀. Ẹ má ṣì í mú fún ìlákọṣẹ, torí ìyẹn kéré láti ìbẹ̀rẹ̀ ayé rẹ̀. Ẹ gbé e lọ́wọ́ wò pẹ̀lú. Bí ó bá fúyẹ́, tí ó sì wọ inú ìkarahun lọ jìnnà, ẹ fi sílẹ̀ fún olówó rẹ̀.

Nígbà òjò tó tẹ̀ lé e, mo kó ìgbín 12 fún ìyá náà, láti inú àwọn tí mo ti fẹ́ tà fún jíjẹ. Kò kọ́kọ́ fẹ́ gbà wọ́n. Ó yí wọn síwá sẹ́yìn, ó fi ìka kan etí ìkarahun wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, ó dá méjì padà fún mi. Ó kó mẹ́wàá lọ.