Àtẹ̀jáde: Ohun tí a kọ̀ lọ́wọ́ òyìnbó, kí a má fi ṣe obìnrin

Àwa obìnrin Ìkìrun, Ìnísà àti Òkukù ní Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun ti parí ìpàdé gbogbogbòò wa ní Òkukù. Àwọn ọlọ́jà, olùkọ́, nọ́ọ̀sì, ìyá ìjọ, ìyá àdínnì, onísìn ìṣẹ̀ṣe àti àwọn ọ̀dọ́bìnrin tó wà ní iléèwé gíga ló péjọ. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo la jókòó lé lórí: ta ló lẹ́tọ̀ọ́ láti sọ̀rọ̀ lórúkọ Ọlọ́run láàárín wa? Kí ló dé tí àwọn tó ń gbálẹ̀ ilé ìsìn, tó ń dá owó, tó ń se oúnjẹ àlejò, kì í sí níjòkòó níbi tí wọ́n ti ń pinnu? Àríyànjiyàn gbóná, ṣùgbọ́n a kò túká láìfẹnu kò. A wá fi àbọ̀ rẹ̀ jẹ́ gbogbo ìlú.

OHUN TÍ ÌPÀDÉ ṢÀKÍYÈSÍ

1. Àwọn bàbá wa ti ja irú ìjà yìí rí. Ní 1864 ni wọ́n fi Samuel Àjàyí Crowther jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní Canterbury, ọmọ Áfíríkà àkọ́kọ́ tí ìjọ Áńgílíkà fi sí ipò náà. Nígbà tó fi máa di 1890, àwọn ọ̀dọ́ òyìnbó tí ẹgbẹ́ míṣọ́nnárì CMS rán wá sí agbègbè odò Ọya ń lé àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ dànù lójú rẹ̀. Ó kú ní 1891, òyìnbó ni wọ́n sì fi rọ́pò rẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà ká àwọn ọmọ ìjọ lára títí. Ní 1901, àwọn kan jáde kúrò ní St. Paul's, Breadfruit, ní Èkó, wọ́n dá Ìjọ African sílẹ̀, nítorí wọn kò gbà pé òyìnbó ni yóò máa ṣe olórí wọn lọ́jọ́ gbogbo nínú ilé Ọlọ́run.

2. Ohun tí àwọn bàbá kọ̀ lọ́wọ́ òyìnbó ni àwọn ọmọ wọn ọkùnrin fi ń ṣe wá lónìí. Ní 1993, Bíṣọ́ọ̀bù Herbert Haruna ti Kwara, ní ẹ̀gbẹ́ wa níbí, fi obìnrin 3 jẹ díákónì. Àwọn aláṣẹ ìjọ Áńgílíkà Nàìjíríà fagi lé e. Nínú ìjọ Sẹ̀lẹ́ tí Samuel Oschoffa dá sílẹ̀ ní Porto-Novo ní 1947, obìnrin kì í wọ ibi mímọ́, ẹni tó ń ṣe nǹkan oṣù kò sì gbọdọ̀ wọ ṣọ́ọ̀ṣì. Bẹ́ẹ̀, obìnrin wà níbi tí ìsìn Aládùúrà ti ṣẹ̀. Sophia Ọdúnlàmí wà lára àwọn tó ń gbàdúrà ìwòsàn ní Ìjẹ̀bú-Òde nígbà àjàkálẹ̀ àrùn 1918. Ọ̀dọ́bìnrin tí kò tíì pé ogún ọdún ni Abíọ́dún Akínṣọ̀wọ́n nígbà tí òun àti Moses Orímọládé bẹ̀rẹ̀ ẹgbẹ́ Kérúbù àti Séráfù ní 1925. Bí àwọ̀ ara kò bá lè dí ẹnikẹ́ni lọ́nà iṣẹ́ Ọlọ́run, ẹ sọ fún wa ìdí tí jíjẹ́ obìnrin fi lè ṣe bẹ́ẹ̀.

3. Ìpàdé kò gba àwáwí pé ọ̀rọ̀ òyìnbó ni èyí. Odò tí wọ́n fi sọ Ìjọba Ìbílẹ̀ Odò-Ọ̀tìn lórúkọ, obìnrin ni. Ìtàn tí wọ́n ń sọ ní Ìnísà ni pé láti Ọ̀tan ni Ọ̀tìn ti wá, tó sì bá ìlú gbógun ti ọ̀tá. Ní Òkukù, ẹnu obìnrin la ti ń gbọ́ oríkì ilé àti ti òrìṣà jù. Karin Barber, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó wá gbé láàárín wa ní àwọn ọdún 1970, ọ̀dọ̀ àwọn ìyá wa ló ti gba ẹ̀kọ́ tó wà nínú ìwé rẹ̀, I Could Speak Until Tomorrow, tó jáde ní 1991. Ní 1981 ló ti kọ àpilẹ̀kọ kan tó ṣàlàyé pé olùsìn àti òrìṣà jọ nílò ara wọn ni: ìyìn àti ìtọ́jú tí olùsìn ń ṣe ló ń mú kí òrìṣà níyì. Ìmọ̀ nípa Ọlọ́run nìyẹn, àwọn tí kò mọ̀wé kà wà lára àwọn tó kọ́ ọ. Ó dùn wá pé yunifásítì òkè òkun ń ka ìmọ̀ náà sí, tí oníwàásù tiwa sì ń bú àwọn tó ni ín. Àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú láti ilẹ̀ yìí lọ sí Brazil pàápàá kò sọ ipò obìnrin nù: ilé òrìṣà Casa Branca ní Salvador ń jẹ́ orúkọ Ìyá Nàsó títí di òní, oyè obìnrin olóòṣà Ṣàngó ní ààfin Ọ̀yọ́.

4. Síbẹ̀, a kò rán obìnrin òyìnbó níṣẹ́ pé kó gbẹnu sọ fún wa. Àwọn obìnrin adúláwọ̀ ní Amẹ́ríkà ti sọ bẹ́ẹ̀ ṣáájú. Ní 1989, Jacquelyn Grant kọ ọ́ sínú ìwé pé bí obìnrin funfun ṣe rí Kristi kọ́ ni obìnrin dúdú tó ń ṣe ọmọ ọ̀dọ̀ nínú ilé rẹ̀ ṣe rí i. Ní 1993, Delores Williams gbé ìtàn Hágárì yẹ̀ wò, ẹrúbìnrin ará Íjíbítì tí Sárà fà lé ọkọ rẹ̀ lọ́wọ́, tí wọ́n tún lé sínú aginjù tòun tọmọ. Obìnrin ni àwọn méjèèjì, àmọ́ ọ̀kan ló ni èkejì.

Bí a ṣe ń sọ èyí lọ́wọ́ ni ìyá àdínnì kan dìde. Ó ní Hájárà, ìyá Ìsímáílà, ni ẹ̀ ń sọ yẹn. Ipasẹ̀ rẹ̀ ni gbogbo ẹni tó bá lọ sí Mẹ́kà ń tọ̀ lẹ́ẹ̀méje láàárín Sọfá àti Máríwà, ọkùnrin àti obìnrin, dúdú àti funfun. Ìyá ìjọ kan fèsì pé nínú Gẹ́nẹ́sísì orí 16, òun ló fún Ọlọ́run lórúkọ. Ìpàdé gbà pé ẹni tí ayé lé jáde lè jẹ́ ẹni tí Ọlọ́run bá sọ̀rọ̀. A sì gbà pé ọ̀rọ̀ náà bá àwa náà wí, nítorí Sárà pọ̀ láàárín wa: ọmọbìnrin tí a mú wá láti abúlé ń ta ọjà fún wa nígbà tí àwọn ọmọ wa wà ní iléèwé.

5. Ní ẹkùn tiwa, Mercy Amba Oduyoye ló ṣíwájú. Ọmọ Gánà ni, ọkọ rẹ̀ jẹ́ Yorùbá, ó sì kọ́ni ní Yunifásítì Ìbàdàn. Ní 1989, ní Accra, òun ló ṣíwájú ìdásílẹ̀ Circle of Concerned African Women Theologians, kí obìnrin Áfíríkà lè máa kọ ìmọ̀ ẹ̀sìn tirẹ̀ fúnra rẹ̀. Nínú Daughters of Anowa, tó jáde ní 1995, ó tú òwe àti ìtàn Akan àti Yorùbá wò, ó sì fi hàn bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọmọbìnrin pé kó fojú kéré ara rẹ̀.

IBI TÍ OHÙN KÒ TI ṢỌ̀KAN

6. Àwọn ọ̀dọ́ wa mú ìwé The Invention of Women wá, èyí tí Oyèrónkẹ́ Oyěwùmí kọ ní 1997. Àlàyé rẹ̀ ni pé àgbà àti àbúrò ni Yorùbá fi ń to ènìyàn nípò, pé ìjọba òyìnbó ló sọ akọ àti abo di òdiwọ̀n. Àwọn kan gbà. Àwọn opó tó wà níbẹ̀ kò gbà tán: wọ́n ní nínú agbo ilé ọkọ, ìyàwó ni àbúrò gbogbo ènìyàn, títí kan ọmọ tí wọ́n bí kó tó dé ibẹ̀.

7. A kò fẹnu kò lórí obìnrin tó ń ṣáájú ìrun àwọn ọkùnrin, irú èyí tí Amina Wadud, Mùsùlùmí adúláwọ̀ ará Amẹ́ríkà, ṣe ní New York ní 2005. Púpọ̀ nínú àwọn ìyá àdínnì ní kì í ṣe ìyẹn ló ń dùn wọ́n. Ohun tí wọ́n ń fẹ́ ni àyè tó bójú mu nínú mọ́ṣáláṣí àti ohùn nínú ìgbìmọ̀. Ìpàdé bọ̀wọ̀ fún èrò wọn.

ÌPINNU

8. Kí gbogbo ìjọ ní ìlú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yan obìnrin sí ìgbìmọ̀ owó àti ti ilé kíkọ́. Ìjọ tí kò bá fi obìnrin jẹ àlùfáà, kó sọ ìdí rẹ̀ ní gbangba láti inú Ìwé Mímọ́, kó sì jẹ́ kí a bi òun léèrè.

9. Kí mọ́ṣáláṣí kọ̀ọ̀kan pèsè ibi àlùwàlá àti ìjókòó níbi tí obìnrin yóò ti máa gbọ́ wáàsí ketekete, kí ọmọbìnrin sì lè kàwé débi tó bá lè kà á dé ní ilé kéwú.

10. Lórí opó: nínú ẹjọ́ Akinnubi ní 1997, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ tún sọ ọ́ pé, lábẹ́ àṣà Yorùbá, opó kò lè jogún ọkọ rẹ̀. Ẹ̀sìn Ìsìláàmù fún opó ní ìdá kan nínú mẹ́jọ bí ọkọ bá bímọ, ìdá kan nínú mẹ́rin bí kò bá bí. A ń rọ tọkọtaya láti fi orúkọ ìgbéyàwó wọn sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba, kí wọ́n sì kọ ìwé ìhágún. Ọmọ ẹgbẹ́ wa kankan kò gbọdọ̀ bá wọn fipá mú opó ṣe ètùtù, ìbáà ṣe ìyá ọkọ tàbí àbúrò ọkọ.

11. Lórí híjáàbù: ilé ẹjọ́ gíga Ọ̀ṣun ti fọwọ́ sí i ní 2016 fún iléèwé ìjọba, àwọn ọmọ iléèwé kan ní Ìwó sì fi aṣọ kúáyà wọ kíláàsì láti fi hàn pé inú bí wọn. Orí àwọn ọmọbìnrin ni àwọn àgbà ń jà lé. A bẹ pásítọ̀ àti ààfáà kí wọ́n fi àwọn ọmọ sílẹ̀, kí wọ́n kàwé.

12. A kò ní dákẹ́ mọ́ bí oníwàásù bá fi òwe bíi "ọmọ tó dára ni ti bàbá, èyí tó burú ni ti ìyá" gba pátẹ́wọ́. Aṣojú wa yóò lọ bá a nílé pẹ̀lú ọ̀wọ̀.

13. Ọmọ ẹgbẹ́ tó bá ní ọmọ ọ̀dọ̀ gbọ́dọ̀ rán an lọ sí iléèwé. Ẹni tí kò bá ṣe bẹ́ẹ̀ kò ní di ipò mú nínú ẹgbẹ́.

14. Kí ẹnikẹ́ni má bú àwọn ìyá onísìn ìṣẹ̀ṣe mọ́ níbi ìpàdé tàbí lọ́jà. Àwọn ọ̀dọ́ wa tó mọ̀wé yóò gba ohùn àwọn ìyá àgbà tó mọ oríkì sílẹ̀, orúkọ ẹni tó ké e ni yóò sì ṣáájú nínú ìwé tí wọ́n bá kọ.

Ìnísà ni ìpàdé tó ń bọ̀, ìlú kọ̀ọ̀kan yóò sì wá jábọ̀ lórí ìpinnu 8 sí 14.

Àwọn tó fọwọ́ sí i:
Alága, Ìkìrun
Akọ̀wé, Òkukù
Akápò, Ìnísà